Ẹ̀ka Òrúrù Tó Wà Nínú Àpótí Kìíní

Nígbà tí mo ń sọ yìí, ìjọba òyìnbó kò tíì pẹ́ nílẹ̀ Àkókó. Àwọn àgbà Ìkàrẹ́ ṣì ń ka ọjọ́ orí ọmọ láti ọdún tí wọ́n kọ́kọ́ rí sójà, àwọn kan sì wà ní Ọ̀kà tí wọ́n gbà pé àwọn àlejò náà máa tó lọ. Mo ti di géńdé nígbà náà. Mo ti ka ìwé díẹ̀ nílé-ẹ̀kọ́ ìjọ, mo sì gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì níwọ̀nba. Ìdí nìyẹn tí gbogbo àwọn alábàárù fi ń pè mí ní Akọ̀wé.

Àwọn olùkọ́ ọ̀dọ́ tó wà ní Ẹ̀ka Ìmọ̀ Ẹ̀dá Oníyè, ní yunifásítì tí mo ti fẹ̀yìn tì, ló ní kí n kọ ìtàn ẹ̀ka náà sílẹ̀. Wọ́n retí pé màá bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tí wọ́n fi ìpìlẹ̀ ilé lélẹ̀, kí n sì to orúkọ àwọn tó ti ṣe olórí níbẹ̀. Ìyẹn kò ṣòro. Ẹlòmíràn lè kọ ọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀ka náà ní yàrá kan tí a ń kó ewé gbígbẹ sí, àwọn ewé tó sì wà nínú àpótí kìíní níbẹ̀ dàgbà ju ilé náà lọ, wọ́n dàgbà ju yunifásítì fúnra rẹ̀ lọ. Èmi àti àwọn ẹlẹgbẹ́ mi la fi orí rù wọ́n. Èèyàn kú nítorí wọn. Ọ̀kan ṣoṣo nínú wọn ló sì ba orúkọ ọ̀rẹ́ mi jẹ́ fún ìgbà tó pọ̀ ju ìdajì ọjọ́ ayé rẹ̀ lọ. Ibẹ̀ ni ìtàn ẹ̀ka náà ti bẹ̀rẹ̀ lójú tèmi.

Ìjọba rán òyìnbó kan wá láti kó oríṣiríṣi igi àti ewé orí àwọn òkè wa jọ. Òyìnbó Eléwé là ń pè é. Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyí: yóò gé ẹ̀ka tó ní òdòdó tàbí èso, yóò tẹ́ ẹ sáàárín bébà, yóò kó àwọn bébà náà sáàárín pátákó méjì, àwa yóò sì fi ìgbànú awọ fún un pinpin. Lójoojúmọ́ la gbọ́dọ̀ yọ bébà tó ti tutù, kí a fi èyí tó gbẹ rọ́pò rẹ̀, kí a sì yá èyí tó tutù níná. Lásìkò òjò, bí a bá fi ọjọ́ díẹ̀ péré jáfara, ewé á dúdú, á bu, gbogbo làálàá á sì wọmi. Ẹ fi èyí sọ́kàn, torí òun ni agbára kan ṣoṣo tí àwa ní.

Agbára ti ìjọba ni okùn. Ajẹ́lẹ̀ á béèrè alábàárù lọ́wọ́ ìlú kọ̀ọ̀kan, ọlọ́pàá á sì wá mú èèyàn lóko. Kí wọ́n má baà sá, wọ́n á fi okùn kan náà so wọ́n mọ́ra ní ìbàdí, ọkùnrin kan lẹ́yìn èkejì, tòun ti ẹrù lórí. Sájẹ́ǹtì tó ń darí àwọn ọlọ́pàá ló máa ń ta kókó okùn náà fúnra rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin, Ọmọtọ́ṣọ̀ọ́, ni olórí àwọn alábàárù tó wá láti Ọ̀kà. Mọ́mọ̀ ni olórí àwọn ti Ìkàrẹ́, ọmọ Mùsùlùmí kan tí ẹnu rẹ̀ kì í dákẹ́.

Mọ́mọ̀ á ní, "Bí ewúrẹ́ ìyá mi bá gbọ́ pé wọ́n ń fi okùn fa èmi náà kiri nítorí ewé, kò ní kí mi mọ́."

Ẹ̀gbọ́n mi á dá a lóhùn pé, "Ewúrẹ́ sàn jù ọ́ lọ. Òun ń jẹ ewé tirẹ̀."

Lọ́jọ́ kan, lẹ́yìn òjò, à ń gun òkè Ọ̀kà lọ. Orí àpáta ń yọ̀. Ọkùnrin jẹ́jẹ́ kan tí wọ́n mú wá láti Epinmi ló kọ́kọ́ ṣubú. Okùn fa ẹni tó wà lẹ́yìn rẹ̀, ìyẹn náà fa ẹni tó tẹ̀ lé e. Mo rí ẹsẹ̀ wọn lókè, orí wọn nísàlẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi fi apá kọ́ gbòǹgbò igi kan, òun ni gbogbo wa fi dúró, okùn náà sì ń bó o ní ìbàdí bí ẹni ń bó iṣu. Nígbà tí a fi máa fà wọ́n sókè, orí ará Epinmi ti fọ́ mọ́ àpáta. Sájẹ́ǹtì yọ ọ̀bẹ, ó gé okùn níwájú òkú, ó gé e lẹ́yìn òkú, ó so orí okùn méjèèjì pọ̀. Ó wá tọ́ka sí ẹrù tó wà nílẹ̀.

"Ta ló máa ru ìyẹn?"

Òkú là ń wò.

"Mo ní ta ló máa rù ú?"

Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Ẹ jẹ́ ká sin ín ná, sájẹ́ǹtì."

"Àwọn ará ilé rẹ̀ á wá sin ín. Ẹrù ìjọba ni mo bi yín, n kò bi yín ní òkú."

Ẹ̀gbọ́n mi ló ru ẹrù náà mọ́ tirẹ̀. Ó rù ú títí a fi yípo padà dé Ìkàrẹ́. Ẹ̀jẹ̀ ìbàdí rẹ̀ ti gbẹ mọ́ aṣọ. Omi gbígbóná ni mo fi tú u.

Lówùúrọ̀ ọjọ́ kejì, nígbà tí wọ́n pè wá pé ká wá pààrọ̀ bébà, a jókòó. A kò bú ẹnikẹ́ni, a kò sì sá. A jókòó sí àgbàlá ilé tí àwọn òyìnbó máa ń dé sí ní Ìkàrẹ́, iná tí a fi ń yá ewé sì ń kú lọ lójú wa. Òyìnbó Eléwé jáde sí wa. Èmi ni ògbufọ̀.

Ó béèrè pé, "Kí ni wọ́n ń fẹ́? Ṣé oúnjẹ ni?"

Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Sọ fún un pé a ó ru ẹrù. A ó pààrọ̀ bébà. Okùn nìkan la ò fẹ́ mọ́."

Mo túmọ̀ èsì òyìnbó fún un pé, "Ó ní òun kọ́ ló ni okùn. Ó ní ọ̀rọ̀ ajẹ́lẹ̀ àti sájẹ́ǹtì ni."

"Bi í bóyá òun lè gun òkè Ọ̀kà pẹ̀lú okùn ní ìbàdí."

Mo bi í. Ẹ̀gbọ́n mi ká aṣọ sókè, òyìnbó sì wo egbò náà fún ìgbà díẹ̀. Mọ́mọ̀ kò lè pa á mọ́ra mọ́. Ó ní, "Akọ̀wé, bá mi sọ fún un pé ewé rẹ̀ ti ń rùn."

N kò túmọ̀ ìyẹn, kò sì nílò ògbufọ̀. Òórùn rẹ̀ ti gba gbogbo àgbàlá.

A jókòó bẹ́ẹ̀ títí ewé fi ń dúdú nínú pátákó. Sájẹ́ǹtì ń rìn yí wa ká, ó ń fi kóńdó gbá ẹsẹ̀ ara rẹ̀. Nígbà tó yá, Òyìnbó Eléwé ṣèlérí lójú gbogbo wa pé wọn kò ní fi okùn so ẹni tó bá ń ru ẹrù òun mọ́, àti pé òun fúnra òun ni yóò bá ajẹ́lẹ̀ sọ ọ́ bó bá ti dé. Ẹ̀gbọ́n mi bá a bọ ọwọ́. Láàárọ̀ ọjọ́ tó tẹ̀ lé e, a tún dá iná, òyìnbó sì gbé àpótí páànù rẹ̀ kọ́ èjìká, ó mú ọ̀bẹ rẹ̀, ó dorí kọ ọ̀nà Àkùngbá, òun nìkan, láti lọ já ewé tuntun dípò èyí tó bàjẹ́. Ó gbà pé ìjà ti parí.

Sájẹ́ǹtì dúró títí a kò fi rí fìlà òyìnbó mọ́. Ó wá gbé okùn jáde.

"Ẹ dìde, ẹ tò."

Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Òyìnbó ti ní kò sí okùn mọ́."

"Òyìnbó lè ṣèlérí lórí ewé rẹ̀. Èmi ni mo ni okùn."

Kò sí ẹni tó dìde. Ìdí ìbọn ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Mo gbọ́ bí eegun àgbọ̀n ọkùnrin kan ṣe kán nítòsí mi, ìró rẹ̀ kò yàtọ̀ sí ti igi ìdáná. Ọlọ́pàá kan na ìdí ìbọn sí orí mi. Ẹ̀gbọ́n mi gbé ọ̀kan nínú àwọn pátákó ewé, ó fi gbà á. Pátákó là sí méjì, ewé dúdú sì fọ́n ká lé wa lórí. Ìgbà náà ni wọ́n yìnbọn. Ọta ba ọkùnrin kan tó wá láti Afin ní itan. Àwọn èèyàn ń ké, àwọn kan ń fi igi iná jà, èéfín gba gbogbo ibẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n mi pariwo sí mi pé, "Akọ̀wé! Ìwọ àti Mọ́mọ̀, ẹ gbé àwọn tó fara gbọgbẹ́ lọ sí Ọ̀kà. Màá kó àwọn yòókù tẹ̀ lé yín."

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ ká jọ lọ."

"Ẹ máa lọ! Bí ọ̀nà kan bá burú, ẹ dí i fún wa."

Ó yẹ kí n ṣàlàyé ohun tí ó ní ká ṣe. Nígbà náà, bí àwọn alábàárù bá pín sí méjì, àwọn tó wà níwájú á gé ẹ̀ka tútù, wọ́n á fi dábùú ọ̀nà tí wọn kò fẹ́ kí àwọn tó ń bọ̀ gbà. Kí ẹnikẹ́ni má baà rò pé eré ọmọdé tàbí ẹ̀tàn ọ̀tá ni, olórí kọ̀ọ̀kan ní ohun tó máa ń so mọ́ ọn. Ti Mọ́mọ̀ ni àjákù aṣọ aró tí yóò ta ní kókó mẹ́ta léra wọn. Gbogbo wa la mọ̀ ọ́n.

A kọjá Àkùngbá, a dé oríta tí ọ̀nà Ọ̀kà ti pín sí méjì, ọ̀kan gba orí àpáta, èkejì gba ìsàlẹ̀ lẹ́bàá odò. Obìnrin kan tó ń ti ìsàlẹ̀ bọ̀ pàdé wa níbẹ̀, ó ń sunkún.

Ó ní, "Ẹ má gba ìsàlẹ̀ o, ẹ̀yin ọmọ. Àwọn oníbọn wà létí odò. Wọ́n já iṣu gbà lórí mi, wọ́n ní àwọn ń dúró de àwọn ìsáǹsá."

Ó yé wa lójú ẹsẹ̀: sájẹ́ǹtì ti rán àwọn kan ṣáájú kó tó gbé okùn jáde. Mọ́mọ̀ ní kí a máa gbé àwọn tó fara gbọgbẹ́ gba òkè lọ, òun á dí ìsàlẹ̀. Ará Afin wà lẹ́yìn mi, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń ṣàn sí mi lẹ́sẹ̀. N kò wẹ̀yìn. Kò pẹ́ tí Mọ́mọ̀ fi bá wa, ó ń mí hẹlẹ.

Ó ní, "Mo ti dí i. Òrúrù ni mo fi dí i. Òdòdó rẹ̀ pupa bí iná, Akọ̀wé, afọ́jú gan-an á rí i."

A ti gun òkè tán nígbà tí a gbọ́ ìbọn, láti ìsàlẹ̀, láti etí odò.

Ẹ̀gbọ́n mi àti àwọn tó kó lẹ́yìn ti gba ìsàlẹ̀. Inú omi ni wọ́n wà nígbà tí wọ́n yìnbọn lù wọ́n; àwọn tó yí padà sì pàdé sájẹ́ǹtì tó ń lé wọn bọ̀. Ọta ba ẹ̀gbọ́n mi láyà, wọ́n sì tún fi ìdí ìbọn lù ú nínú omi títí tí kò fi gbápá mọ́. Oòrùn ń wọ̀ nígbà tí a rí àyè gbé àwọn òkú. Àwọn obìnrin Ọ̀kà sọ̀ kalẹ̀ wá bá wa. Ìbídùn, aya ẹ̀gbọ́n mi, ló kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ó fi ìborùn rẹ̀ nu ẹrẹ̀ kúrò lójú rẹ̀, ó nù ún, ó tún nù ún.

Ọ̀kan nínú àwọn tó yè sọ fún wa pé, "Kò sí ewé kankan ní oríta. A wò ó dáadáa. Ọmọtọ́ṣọ̀ọ́ fúnra rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ wò ó. Ó ní ọ̀nà mọ́."

Ìbídùn gbé ojú sókè. "Mọ́mọ̀, ewé dà?"

"Ìyàwó, mo dí i. Mo fi Ọlọ́run búra."

"Mo ní ewé dà?"

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, a lọ wo oríta náà. Ojú ibi tí Mọ́mọ̀ ti gé ẹ̀ka òrúrù ṣì tutù lára igi, ṣùgbọ́n nílẹ̀, kò sí nǹkan kan. Àwọn ará Ọ̀kà ní ẹnikẹ́ni lè gé igi. Wọ́n ní sájẹ́ǹtì ti bá ará Ìkàrẹ́ sọ̀rọ̀ ní kọ̀rọ̀. Àwọn ará Ìkàrẹ́ náà bínú, wọ́n ní ẹ̀yin lẹ kó èèyàn yín sínú odò. Láti ọjọ́ náà, alábàárù Ọ̀kà àti ti Ìkàrẹ́ kò jókòó pọ̀ mọ́. Nígbà tí ajẹ́lẹ̀ dé, ó ní kí wọ́n mú okùn kúrò, ó sì gbé sájẹ́ǹtì lọ sí ìlú mìíràn. Bí ẹgbẹ́ wa bá ṣì wà ní ọ̀kan, à bá béèrè ẹjọ́ àwọn tó kú. Ìjà ara wa là ń jà lọ́wọ́. Kò sí ẹni tó béèrè.

Òyìnbó Eléwé kó ohun tó ṣẹ́ kù nínú ewé rẹ̀, ó sì lọ. Mọ́mọ̀ padà sí oko baba rẹ̀. N kò tún gbọ́ kó dá àpárá mọ́. Èmi gbà á gbọ́, mo sì ń sọ ọ́ nílé àti níta, ṣùgbọ́n ìgbàgbọ́ mi kì í ṣe ẹ̀rí, Ìbídùn sì sọ bẹ́ẹ̀ fún mi lójú mi: "Akọ̀wé mi, ẹ kò wẹ̀yìn. Ẹ̀yin lẹ sọ ọ́."

Mo kàwé lọ. Mo di olùkọ́, mo lọ sókè òkun, ewé ni mo sì kọ́ níbẹ̀. Orí mi ti ń funfun nígbà tí wọ́n pè mí láti wá bá wọn dá Ẹ̀ka Ìmọ̀ Ẹ̀dá Oníyè sílẹ̀. A kò ní ju tábìlì àti àga lọ. Ilé iṣẹ́ igbó ti ìjọba wá fi àwọn àpótí ewé àtijọ́ kan ta wá lọ́rẹ, tí ẹnikẹ́ni kò tíì tú wò láti ọjọ́ pípẹ́. Èmi àti olùkọ́ ọ̀dọ́ kan la jọ tú èyí àkọ́kọ́. Mo rí ewé tí mo mọ̀, tí mo ti fi ọwọ́ ara mi yá níná. Lábẹ́ wọn ni ẹ̀ka òrúrù kan wà, tí wọ́n fi òwú rán mọ́ bébà líle. Òdòdó rẹ̀ ti dúdú bíi tábà. Lára igi rẹ̀ ni àjákù aṣọ aró wà, kókó mẹ́ta, léra wọn.

Òyìnbó Eléwé jẹ́ ẹni tó máa ń fi ohun gbogbo sílẹ̀ bó ṣe bá a. Kò tú u. Lára bébà náà, ó kọ ibi tó ti rí i: oríta tó wà lẹ́yìn Àkùngbá, lọ́nà Ọ̀kà. Bí mo ṣe lè tò ó pọ̀ nìyí: ó ti inú igbó jáde sí oríta lẹ́yìn tí àwa ti kọjá, kí ẹ̀gbọ́n mi tó dé, ó rí ẹ̀ka tútù tó kún fún òdòdó nílẹ̀, láìgun igi, ó mú un. N kò rò pé ó mọ ohun tó mú, n kò sì rò pé ẹnikẹ́ni sọ fún un rí.

Olùkọ́ ọ̀dọ́ náà bi mí pé, "Bàbá, ṣé kò sí nǹkan?"

Mo ní kó bá mi wá omi.

Òfin yàrá náà, tí èmi fúnra mi kọ, ni pé ewé kankan kò gbọ́dọ̀ jáde. Mo fi bébà náà sáàárín pátákó méjì, mo sì gbé e lọ sí Ìkàrẹ́. Mọ́mọ̀ jókòó síwájú ilé rẹ̀, tẹ̀sùbáà lọ́wọ́.

"Akọ̀wé, kí lo gbé dání? Ṣé o tún ti ń ru ewé ni?"

Mo ṣí i sórí itan rẹ̀. Ó wò ó. Ó fi ìka kan kan kókó àkọ́kọ́, ó kan èkejì, ó kan ẹ̀kẹta, èmi tí n kì í jẹ́ kí akẹ́kọ̀ọ́ mí sí ewé gbígbẹ sì ń wò ó.

"Ta ló mú un?"

"Òyìnbó Eléwé."

"Kí ló fẹ́ fi ṣe?"

"Ó wù ú ni. Òdòdó rẹ̀ pọ̀."

Ó fi ìka kan òdòdó dúdú náà. "Nítorí òdòdó náà ni mo ṣe mú un. Ewé mìíràn pọ̀ níbẹ̀, Akọ̀wé. Mo ní kí Ọmọtọ́ṣọ̀ọ́ lè rí i láti òkèèrè ni."

Mo mú Mọ́mọ̀ lọ sí Ọ̀kà lọ́jọ́ náà. Ìbídùn ti di arúgbó, ó ń ṣa ẹ̀wà lójúde.

"Akọ̀wé mi, ẹ káàbọ̀ o," ó wí, kó tó rí ẹni tó wà lẹ́yìn mi. Ọwọ́ rẹ̀ dúró nínú ẹ̀wà.

Mo tẹ́ bébà náà sórí ẹní níwájú rẹ̀, mo sì sọ ibi tí mo ti rí i àti bó ṣe débẹ̀. Kò wo ojú mi. Kókó aṣọ aró yẹn ló ń wò. Òun náà mọ̀ ọ́n, gbogbo aya alábàárù ló mọ̀ ọ́n.

Mọ́mọ̀ ní, "Ìyàwó, ewé náà nìyí."

"Ó pẹ́ kó tó dé," Ìbídùn wí.

Ó dìde, ó fọwọ́ ti ògiri wọlé, ó bu omi jáde, ó gbé e síwájú Mọ́mọ̀. Ará Ìkàrẹ́ kankan kò mu omi nílé yẹn rí láti ọjọ́ etí odò.

"Ẹ mu omi, Mọ́mọ̀."

Àwọn méjèèjì ti kú báyìí. Ìbídùn lọ síbi àdúà ọjọ́ kẹjọ Mọ́mọ̀, ó jókòó láàárín àwọn obìnrin ilé wọn títí wọ́n fi ṣe tán.

Bí ẹ bá bi mí ohun tí a jèrè, màá ní wọn kò fi okùn so alábàárù pọ̀ mọ́ lórí òkè Ọ̀kà láti ìgbà náà. Ó tóbi, n kò sì ní fojú kéré rẹ̀. Ohun tí a pàdánù ni ẹ̀gbọ́n mi àti àwọn ọkùnrin tí n kò mọ orúkọ wọn, ará Epinmi yẹn pàápàá, tí a jọ wà nínú okùn kan tí n kò bi í ní orúkọ. A pàdánù ẹgbẹ́ wa pẹ̀lú, kì í sì í ṣe ìbọn nìkan ló tú u ká. Àwa náà yára gba ohun tó burú jù gbọ́ nípa ara wa, ojú ẹsẹ̀ níbi tí a ti ń gbé òkú. Nígbàkigbà tí ẹ̀yin ọ̀dọ́ bá ń da iṣẹ́ sílẹ̀ nítorí ẹ̀tọ́ yín, ibẹ̀ yẹn ni kí ẹ ṣọ́ jù lọ.

Gbèsè tó kù wà nínú yàrá ewé yín. Níbi tí wọ́n kọ "Ẹni tó já a" sí lára bébà náà, orúkọ òyìnbó ló wà níbẹ̀. Mo ti bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n kọ Mọ́mọ̀, ará Ìkàrẹ́. Wọ́n ní ìlànà ni, ẹni tó mú ewé wálé ló ni orúkọ. Mo dá wọn lóhùn pé Mọ́mọ̀ ló gun igi, òun ló gé e, òyìnbó bẹ̀rẹ̀ mú un nílẹ̀ ni. Ọ̀rọ̀ náà ṣì wà níbẹ̀. Lẹ́nu àìpẹ́ yìí ni ẹni tó ń tọ́jú yàrá náà tún kọ̀wé sí mi pé òun fẹ́ gé àkísà tó wà lára òrúrù kúrò, torí kòkòrò lè máa sá pamọ́ sínú rẹ̀.

Ẹ lé kòkòrò. Ẹ pààrọ̀ bébà, ẹ pààrọ̀ àpótí, kódà bí ẹ bá kọ́ ilé tuntun, ẹ kó gbogbo rẹ̀ lọ síbẹ̀. Ẹ má tú kókó Mọ́mọ̀.